Oògùn Eruku fún Ojú Tí Kò Ní Eruku

Ọjọ́ tí mo mọ̀ pé èmi gan-an ni mo fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ pẹ́ńtà kan lójú, inú mi dùn púpọ̀ láàárọ̀ ọjọ́ náà. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ra ẹ̀rọ tuntun kan tó ń wọn ìfúnpá inú ẹyinjú, irú èyí tó máa ń fẹ́ atẹ́gùn pìì sójú èèyàn, tí olúwarẹ̀ á sì ta gìrì bí ẹni tí wọ́n gbá létí. Mo ń wá ẹni tí màá fi ṣí i. Ìdòwú, pẹ́ńtà náà, ló kọ́kọ́ jókòó síbẹ̀. Nọ́ńbà tí ẹ̀rọ náà gbé jáde fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì èyí tó yẹ. Mo ní ẹ̀rọ náà ti bàjẹ́. Mo tún un ṣe lẹ́ẹ̀kejì àti lẹ́ẹ̀kẹta, nọ́ńbà náà kò yẹ̀. Mo ní kí akọ̀wé mi wá jókòó síbẹ̀, ẹ̀rọ náà ní nǹkan kan ò ṣe akọ̀wé. Ìgbà náà ni mo ṣí fáìlì Ìdòwú, tí mo rí ohun tí mo ti fi ọwọ́ ara mi kọ síbẹ̀ láti oṣù mẹ́fà. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n padà síbi tí ọ̀rọ̀ ti bẹ̀rẹ̀.

Dókítà onígíláàsì ni mí. Orúkọ tí àwọn èèyàn fún irú wa nìyẹn, ẹni tó bá bínú sí i, asán ló bínú sí. Nígbà tí wọ́n ń fẹ ojú ọ̀nà márosẹ̀ tó gba Lẹ́kkí lọ sí Ajah ni mo ṣí kíléníìkì mi, nínú ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan tí wọ́n ń ta ilẹ̀kùn nísàlẹ̀ rẹ̀, kí èèyàn tó dé Ṣàngótẹ̀dó. Ọ̀nà méjì ni àwọn tó ń wá sọ́dọ̀ mi pín sí. Àwọn kan ń ti VGC, ẹ̀sítéètì àwọn olówó, wá. Àwọn yẹn á ti bi fóònù wọn léèrè ohun tó ń ṣe wọ́n kí wọ́n tó gbéra nílé, wọ́n á kàn wá kí èmi fi òǹtẹ̀ lù ú ni. Àwọn kejì ni àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ tó ti Ọ̀ṣun, Ọ̀yọ́ àti Èkìtì wá kọ́lé fún àwọn ti àkọ́kọ́. Àwọn wọ̀nyí kì í bi ẹnikẹ́ni léèrè nǹkan kan. Tí ojú bá ń ta wọ́n, wọ́n á fi omi piọ-wọ́tà bọ̀ ọ́, wọ́n á padà sẹ́nu iṣẹ́. Bí wọ́n bá gun àtẹ̀gùn wá bá mi, ẹ mọ̀ pé ọ̀ràn náà ti di gidi.

Eruku ló so àwọn méjèèjì pọ̀. Katakátá ń hú ilẹ̀ láàárọ̀, tipa ń da yanrìn lọ́sàn-án, afẹ́fẹ́ òkun á wá pín gbogbo rẹ̀ káàkiri láìṣe ojúsàájú. Ojú pípọ́n ni mo ń rí láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. Oògùn kan sì wà tí à ń kán sójú, tó ní sítẹ́rọ́ìdì nínú, tó máa ń pa pípọ́n àti yíyún bí ẹni pa iná àtùpà. Mo fẹ́ràn oògùn náà. Ìmọ̀ mi wá ga débi pé aláìsàn kì í tíì jókòó tí mo fi máa ń mọ ohun tó ń ṣe é. Àwọn mìíràn ń lo wákàtí kan lórí aláìsàn kan ṣoṣo. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n má gbọ́n tó mi.

Obìnrin tó kọ́ mi níṣẹ́ ní Ìsàlẹ̀ Èkó, tí gbogbo wa ń pè ní Dókítà Àgbà, kì í kánjú bẹ́ẹ̀ ní tiwọn. Wọ́n á fa àga, wọ́n á jókòó ti aláìsàn, wọ́n á ní kó máa ṣàlàyé, bó bá fẹ́ kó bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ ìkómọ rẹ̀. Wọ́n máa ń sọ fún wa pé fèrèsé lásán ni ojú, pé ọpọlọ ni ẹni tó wà nínú yàrá tó ń wòran, pé bí fèrèsé bá mọ́ tí ẹni inú yàrá ṣì ń pariwo, kí a fi àkísà nínù sílẹ̀ ká lọ bi í ní ohun tó rí. Mo kọ ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé mi dáadáa nígbà náà, mo sì fà á nílà lábẹ́. Ìwé náà ti sọnù láti ọjọ́ pípẹ́.

Ìdòwú kò tíì pé ọgbọ̀n ọdún nígbà tó kọ́kọ́ wá. Ará Ìkirè ni, ó ń gbé Ṣàngótẹ̀dó, ó sì ń kun ilé ní àwọn ẹ̀sítéètì tó wà káàkiri ibẹ̀. Ọ̀dà wà ní èékánná rẹ̀, eruku funfun wà nínú irun rẹ̀, ojú rẹ̀ sì pọ́n díẹ̀. Kí ni mo tún fẹ́ wò?

"Kí ló ṣe ojú?" Mo ti ń kọ oògùn bí mo ṣe ń bi í.

"Ọ̀gá dókítà, nǹkan kan ń rìn lójú mi. Ó kéré, ó pọ̀, kì í dúró. Ó dà bíi tẹlifíṣọ̀n tí kò rí stéṣọ̀n mú."

"Ṣé ó ń yún ẹ?"

Ó ní ó máa ń yún òun nígbà míì, tí òun bá ti fi sáńpépà ha ògiri tán. Èyí ni mo fẹ́ gbọ́, mo sì fi ìyókù ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀ fún afẹ́fẹ́. Mo fún un ní oògùn eruku, mo ní kó máa kán an lẹ́ẹ̀mẹ́rin lójúmọ́. Ó dúpẹ́, ó lọ. Nígbà tó padà wá tó ní nǹkan náà kò lọ, mo ní eruku ni kò tíì tán, kó máa lò ó lọ. Nígbà tó wá lẹ́ẹ̀kẹta, mo fún un ní gíláàsì. Ó ń ka gbogbo lẹ́tà ara pátákó tẹ́lẹ̀, títí dé àwọn tíńtìntín ìsàlẹ̀, tí ẹlòmíràn á fi iwájú orí lu ògiri kó tó rí. Ṣùgbọ́n mo fún un ní gíláàsì náà, nítorí kò yẹ kí èèyàn kúrò lọ́dọ̀ dókítà onígíláàsì lọ́wọ́ òfo.

N kò mọ̀ nígbà náà ohun tí ojú yìí ń fi í ṣe níbi iṣẹ́. Kí wọ́n tó kun ọ̀dà, àwọn pẹ́ńtà máa ń po iyẹ̀fun funfun kan, wọ́n á rẹ́ ẹ mọ́ ògiri kí ó lè dán, bó bá gbẹ wọ́n á fi sáńpépà ha á. Ìdòwú ń ṣe pálọ̀ kan ní VGC. Ó ha ògiri tán, ó sún sẹ́yìn kó wò ó, ó rí àwọn nǹkan kéékèèké tí wọ́n ń ta pátipàti lórí funfun náà, ó ní ògiri kò tíì dán. Ó tún ha á. Ó tún sún sẹ́yìn, wọ́n ṣì wà níbẹ̀. Ọjọ́ mẹ́rin ló fi ha ògiri kan ṣoṣo. Ògiri náà dán débi pé ẹsẹ̀ eṣinṣin ń yọ̀ lára rẹ̀. Ìyá onílé dé, wọ́n fọwọ́ pa á, wọ́n ní àwọn kò rí irú rẹ̀ rí, kí ó ṣe gbogbo yàrá bẹ́ẹ̀. Kọngílá tó gbé iṣẹ́ fún un kò bá wọn yọ̀ rárá. Ó ní bí oṣù náà bá parí tí Ìdòwú kò tíì jáde nínú pálọ̀, òun á mú pẹ́ńtà mìíràn wá. Ìdòwú kò lè sọ ohun tó ń rí fún un. Pẹ́ńtà tó bá sọ pé òun ń rí nǹkan lára ògiri tí ẹlòmíràn kò rí, ta ni yóò tún gbé ilé fún un kùn?

Àwọn ará ìjọ rẹ̀ ló sọ ọ́ fún. Ìjọ aláṣọ funfun ni wọ́n, wọ́n ń jọ́sìn lẹ́yìn ọjà Ṣàngótẹ̀dó. Nígbà tí wọ́n gbọ́ pé ó ń rí ohun tíntìntín tó ń kọ mànà níbi gbogbo, tọ̀sán-tòru, inú wọn dùn. Wọ́n ní ogun ọ̀run ni. Wọ́n gbé e lọ sórí bẹ́ǹṣì àwọn aríran níwájú, wọ́n sì fún un ní ìwé àti bírò. Àwọn ìyá á wá bi í nípa físà ọmọ wọn tó ń pẹ́. Ìdòwú kì í parọ́. Á ní òun rí ohun kéékèèké, wọ́n pọ̀. Wọ́n á ní kí ni wọ́n wí? Á ní wọn ò wí nǹkan kan. Ó wá jẹ́wọ́ fún wọn lọ́jọ́ kan pé etí òun náà ń hó fíín ní gbogbo ìgbà. Wọ́n ní ẹ ò rí nǹkan, ohùn náà ti ń bọ̀. Fún bí oṣù méjì, gbogbo ìjọ ń dúró de ohùn.

Ẹ má tètè rẹ́rìn-ín wọn. Ìjọ náà fún un ní bẹ́ǹṣì, èmi fún un ní sítẹ́rọ́ìdì.

Wòlíì wọn ló mú un padà wá bá mi. Bàbá arúgbó kan ni, káfíńtà ni wọ́n láàárín ọ̀sẹ̀, pẹ́ńsù sì wà létí wọn nígbà tí wọ́n wọlé. Mo ti to ọ̀rọ̀ sẹ́nu dè wọ́n nípa àwọn tó ń fi ẹ̀mí tan ara wọn jẹ. Bàbá kò fún mi láyè láti sọ ọ́.

"Dókítà, ẹ má bínú. Ìran tí mo mọ̀ máa ń wá, á sì lọ. Ti ọmọ yìí kì í lọ. Tí mo bá ní ẹ̀mí ni, irọ́ ni mò ń pa. Mi ò mọ ohun tó ń ṣe é."

Wọ́n yíjú sí Ìdòwú, wọ́n ní kó dijú. Wọ́n bi í bóyá ó ṣì ń rí i. Ó ní òun ń rí i. Wọ́n ní kó fọwọ́ bo ojú ọ̀tún, lẹ́yìn náà kó bo tòsì. Ó ní bákan náà ni méjèèjì. Wọ́n bi í ìgbà tó bẹ̀rẹ̀. Ó ní ó ti lé lọ́dún kan, lẹ́yìn orí fífọ́ kan tó dá òun dúbúlẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta, pé bí òun bá wo nǹkan tí òun sì gbójú kúrò, àwòrán rẹ̀ á ṣì dúró síwájú òun, pé oòrùn ń gún òun lójú. N kò gbọ́ ọ̀kan nínú wọn rí. Kì í ṣe pé ó fi pamọ́. Èmi ni n kò bi í.

Wòlíì wá yíjú sí mi.

"Ohun tí èèyàn ṣì ń rí lẹ́yìn tó ti dijú, Dókítà, ṣé eruku títì ni?"

Káfíńtà ló bi mí ní ìbéèrè yẹn, nínú kíléníìkì mi, lábẹ́ ìwé ẹ̀rí mi tí mo fi gíláàsì bò tí mo sì kọ́ sára ògiri. Mo ní kí Ìdòwú wá jókòó sídìí ẹ̀rọ tuntun, ó kéré tán kí n lè rí nǹkan fọwọ́ mú. Ẹ̀rọ náà ni mo ti sọ nọ́ńbà rẹ̀ fún yín.

Bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Mo wo ẹ̀yìn nínú fáìlì. Ìwé ọwọ́ mi ló kún ibẹ̀: máa lò ó lọ, máa lò ó lọ, máa lò ó lọ. Bí èyí tó gbà lọ́wọ́ mi bá tán, ó ń ra kún un ní ilé kẹ́mísì. Gbogbo wa tó kọ́ iṣẹ́ yìí la mọ̀ pé bí sítẹ́rọ́ìdì bá pẹ́ lójú àwọn kan, ìfúnpá inú ẹyinjú wọn á máa gòkè. Kì í dun èèyàn, kì í pọ́n, á kàn máa tẹ iṣan tó ń gbé ìran lọ sí ọpọlọ títí iṣan náà á fi kú, bó bá sì ti kú kò sí àjíǹde fún un. Ìdí nìyẹn tí a fi gbọ́dọ̀ máa wọn ìfúnpá ẹni tó bá ń lò ó. Mo ní ẹ̀rọ àtijọ́ kan tó lè wọ̀n ọ́. Inú dúrọ́ọ̀ ló wà. Àìsàn tí Ìdòwú gbé wá, n kò mọ̀ ọ́n. Èyí tí èmi fi kún un, mo mọ̀ ọ́n dunjú.

Ẹ̀rù bà mí. Kí ni akíkanjú yín sọ? Mo ní, "Oògùn yẹn ti ṣiṣẹ́ rẹ̀ tán, Ìdòwú, má lò ó mọ́." Mo sọ ọ́ pẹ̀lú ẹ̀rín músẹ́. Wòlíì wò mí títí. Mo kọ lẹ́tà ránṣẹ́ sí ilé ìwòsàn ojú ńlá lọ́jọ́ náà gan-an, mo kọ òmíràn sí dókítà tó ń tọ́jú ọpọlọ àti iṣan, mo sì ní kí Ìdòwú má ṣe jẹ́ kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì ṣú kó tó lọ.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ló tẹ̀ lé e. Mò ń wọn ojú àwọn èèyàn, mo sì ń rí ojú Ìdòwú nínú gbogbo wọn. Mo ń ro ọkùnrin tó ní iyàwó, tó ń gun àkàbà lójoojúmọ́, tí ayé á máa há mọ́ ọn láti ẹ̀gbẹ́ wá nítorí pé èmi ń kánjú. Ilé ìwòsàn ojú fún un ní oògùn tó ń fa ìfúnpá wálẹ̀. Ó ń wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tó yá, wọ́n kọ̀wé sí mi pé iṣan ojú rẹ̀ kò tíì bàjẹ́, ṣùgbọ́n pé kì bá tí pẹ́ mọ́. Mo tẹ́ lẹ́tà náà sórí tábìlì, mo sì sunkún. N kò ní purọ́ fún yín.

Lẹ́tà dókítà ọpọlọ dé lẹ́yìn rẹ̀. Wọ́n ti ya àwòrán orí Ìdòwú, kò sí kókó, kò sí egbò. Wọ́n ní àìsàn kan tí àwọn òyìnbó ń fi yìnyín tó ń já bọ́ láti ojú ọ̀run pè ni, yìnyín ojú. Mo rẹ́rìn-ín díẹ̀ síyẹn, nítorí yìnyín tí a mọ̀ ní Ajah kò ju èyí tó wà nínú kúlà lọ. Ohun tó ń ṣẹlẹ̀ ni pé apá ibi tí ọpọlọ ti ń ṣètò ohun tí a ń rí ń ṣiṣẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ. Ariwo kéékèèké kan wà níbẹ̀ nínú orí gbogbo wa, ọpọlọ wa ló máa ń pa á mọ́ra tí a kì í fi í rí i. Ti Ìdòwú kì í pa á mọ́ra. Ìdí nìyẹn tó fi ń rí i bó tilẹ̀ dijú, tí etí rẹ̀ fi ń hó, tí kò sì sí ohun tí a rí nínú ẹyinjú rẹ̀. Kì í fọ́ni lójú. Kò tíì sí oògùn tí a lè fọwọ́ sọ̀yà pé ó ń wò ó sàn.

Mo ránṣẹ́ pe Ìdòwú. Mo ti ilẹ̀kùn, mo fa àga, mo jókòó tì í. Mo ṣàlàyé lẹ́tà náà fún un tán. Mo wá sọ èyí tó kù.

"Ìdòwú, oògùn tí mo fún ẹ ló gbé ìfúnpá ojú ẹ sókè. Kì í ṣe ẹlòmíì, èmi ni. Ó kù díẹ̀ kó fọ́ ẹ lójú. Jọ̀ọ́, forí jì mí."

Mo ti múra sílẹ̀ de èébú, mo tilẹ̀ ń fẹ́ ẹ, nítorí èébú á jẹ́ kí ara fúyẹ́ mi. Ó gbé lẹ́tà dókítà ọpọlọ lórí tábìlì, ó wò ó, ó gbé e kalẹ̀.

"Dókítà, ẹ ní wọ́n ti fún un lórúkọ. Ṣé àwọn mìíràn wà tó ń rí i ni?"

"Wọ́n wà. Wọ́n wà káàkiri ayé."

"Bí èmi ṣe ń rí i yìí?"

"Bí ìwọ ṣe ń rí i yẹn gan-an."

Ó fọwọ́ bojú, èjìká rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí gbọ̀n. Ó ní ó ti lé lọ́dún kan tí òun ti ń rò pé wèrè ló ń bọ̀, pé òun kò sọ ìyẹn fún ìyàwó òun. Mo jẹ́wọ́ fún ọkùnrin kan pé ó kù díẹ̀ kí n fọ́ ọ lójú, kò rí àyè ìyẹn gbọ́. Ohun tí wọ́n fi pa á lára jù ni pé ẹnikẹ́ni kò gba ohun tó ń rí bó ṣe sọ ọ́, èmi ni mo sì ṣáájú wọn.

Láti ìgbà yẹn ni a ti wá ń tọ́jú rẹ̀ bó ṣe yẹ. Dókítà ọpọlọ ń bójú tó orí fífọ́ náà. Èmi fi gíláàsì aláwọ̀ oríṣiríṣi síwájú ojú rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, fún bíi wákàtí kan, títí ó fi yan èyí tó pọ́n fẹ́ẹ́rẹ́, tó ní ó bá òun dín wọn kù, tí iná funfun kò sì gún òun lójú mọ́ bíi ti tẹ́lẹ̀. A ní kó fi àwọn ohun mímu inú agolo tó fi ń lé oorun sílẹ̀, kó máa sùn. Ti ibi iṣẹ́, Wòlíì ti yanjú ẹ̀ kí lẹ́tà tó dé. Wọ́n ní káfíńtà kì í fi ojú mọ pátákó tó dán, àtẹ́lẹwọ́ ni wọ́n fi ń mọ̀ ọ́n, kí ló dé tí pẹ́ńtà àti ògiri á máa wo ara wọn? Ìdòwú bẹ̀rẹ̀ sí dijú tó bá ń yẹ ògiri wò, á fi ọwọ́ pa á kọjá lẹ́ẹ̀kan, ó ti parí. Ó kúrò nínú pálọ̀ VGC kí oṣù tó pé, kọngílá sì fún un ní ilé mìíràn. Ìyá onílé nìkan ni inú wọn kò dùn mọ́, wọ́n ní àwọn yàrá yòókù kò dán tó pálọ̀. Ní ìjọ, Wòlíì gba ìwé àti bírò lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n dá a padà sẹ́yìn láàárín àwọn tí kì í rí nǹkan kan, ó sì dúpẹ́ gidigidi.

Mo ti fi kíléníìkì náà lé ọwọ́ dókítà mìíràn báyìí, obìnrin kan tó máa ń pẹ́ lórí aláìsàn débi pé àwọn tó wà níta ń bú u. Ìdòwú wà lára àwọn tí mo rí kẹ́yìn. Mo wọn ìfúnpá ojú rẹ̀, ó dára. Mo wo iṣan rẹ̀, ó dára. Ó di fáìlì rẹ̀ mú láti lọ, ó tún dúró.

"Dókítà, ṣé nǹkan yìí á lọ lọ́jọ́ kan?"

Ọ̀pọ̀ ìdáhùn ló wà lẹ́nu èèyàn tó ti pẹ́ nídìí iṣẹ́ bíi tèmi, gbogbo wọn ló sì dùn-ún gbọ́. Mo gbé wọn mì.

"Mi ò mọ̀, Ìdòwú."

Ó fi gíláàsì rẹ̀ sójú, ó sì rẹ́rìn-ín.

"Ẹ ṣeun, sà. Láti ọjọ́ tí mo ti mọ̀ yín, ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tí ẹ máa sọ tí mo gbà gbọ́ nìyẹn."